Orílẹ̀-èdè, èdè ìjọba àti Nàgó: ìdáhùn sí ìbéèrè kan

Ọ̀dọ́mọkùnrin kan, tí ìyá rẹ̀ jẹ́ ọmọ Kétu ní apá ilẹ̀ Yorùbá tí ó bọ́ sí Olómìnira Bẹ̀nẹ̀, béèrè ohun mẹ́ta lẹ́ẹ̀kan náà. Ó fẹ́ mọ ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ náà "orílẹ̀-èdè" gan-an. Ó béèrè bóyá ó tọ́ kí a máa fi pe Bẹ̀nẹ̀, nígbà tí èdè tí wọ́n ń sọ níbẹ̀ ju 50 lọ, tí èdè ìjọba wọn sì tún jẹ́ Faransé. Ó sì béèrè ohun tí "Nàgó", orúkọ tí wọ́n fi ń pe àwọn tí ń sọ Yorùbá ní Bẹ̀nẹ̀, ń ṣe nínú ìwé ìjọba tí ìyá rẹ̀ ní, nígbà tí ó jẹ́ pé Yorùbá ni ìyá náà ń bá a sọ láti kékeré. Ìbéèrè mẹ́tẹ̀ẹ̀ta so kọ́ra, nítorí náà n óò dáhùn wọn pọ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ìdí ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ ni n óò pẹ́ sí jù.

Orílẹ̀ àti èdè ni ó para pọ̀ di orílẹ̀-èdè. Ẹni tí ó bá ti gbọ́ oríkì orílẹ̀ rí ti mọ ohun tí orílẹ̀ jẹ́. Nígbà tí wọ́n bá ń ki ọmọ Oníkòyí tàbí ọmọ Ọ̀pómúléró, ilé tí ẹni náà ń gbé lónìí kọ́ ni wọ́n ń wò, ibi tí ìran rẹ̀ ti ṣẹ̀ wá ni. Ẹbí kan lè ti ti Ọ̀fà wá sí Èkó láti ìran mẹ́ta sẹ́yìn, kí àwọn ọmọ wọn má tilẹ̀ mọ ọ̀nà Ọ̀fà mọ́. Bí wọ́n bá máa kì wọ́n, "ìjàkadì lorò Ọ̀fà" ni wọn yóò ṣì gbọ́. Orílẹ̀ tún ni à ń pe ìlú tí àwọn ènìyàn ti tú kúrò, tí wọ́n sì mọ̀ sí orírun wọn. Ogun tú Òwu, ọ̀pọ̀ ọmọ rẹ̀ lọ tẹ̀ dó sí Abẹ́òkúta, síbẹ̀ Orílẹ̀-Òwu ni à ń pe ìlú náà ní Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun títí di òní. Bí a bá wá fi èdè kún orílẹ̀, ohun tí ọ̀rọ̀ náà ń sọ ni àwọn ènìyàn tí orírun wọn jẹ́ ọ̀kan, tí ohùn ẹnu wọn sì jẹ́ ọ̀kan.

Ó yẹ kí a kíyè sí i pé kì í ṣe gbogbo ènìyàn ni ó mú ọ̀rọ̀ yìí láti ibi tí a ti mú un. Àwọn Haúsá ń pe orílẹ̀-èdè ní ƙasa, ilẹ̀ tí à ń tẹ̀ náà sì ni ƙasa. Àwa náà ní ilẹ̀, a sì ní ìlú: ilẹ̀ Faransé, ìlú òyìnbó. Ẹ̀rí ni èyí pé ọ̀rọ̀ mìíràn wà nílẹ̀ tí a lè lò. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó kan kí a pe àwọn ènìyàn ayé lápapọ̀ ní ìsọ̀rí-ìsọ̀rí, ẹnu ni Yorùbá fi yà wọ́n sọ́tọ̀. Nínú Bíbélì Yorùbá, tí odidi rẹ̀ jáde ní 1884, tí Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Ajayi Crowther sì jẹ́ òpómúléró iṣẹ́ ìtumọ̀ rẹ̀, àṣẹ tí Jésù pa fún àwọn ọmọ-ẹ̀yìn rẹ̀ ni pé kí wọ́n lọ kọ́ "orílẹ̀-èdè gbogbo". Kò sí Nàìjíríà nígbà náà. Ìran ènìyàn ni ọ̀rọ̀ náà ń tọ́ka sí níbẹ̀, kì í ṣe ìjọba tí ó ní àsíá àti ìwé ìrìnnà.

Lẹ́yìn náà ni a wá nílò orúkọ fún ohun tuntun tí àwọn òyìnbó fi rúlà fà sórí máàpù, a sì gbé ọ̀rọ̀ àtijọ́ wọ̀ ọ́. Ẹ̀wù náà bá àwọn kan mu: ní Rùwáńdà, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé gbogbo ọmọ onílẹ̀ ni ó ń sọ Kinyarwanda, ní Sòmálíà sì rèé, èdè Sòmálì ni ìjọba ń lò, wọ́n sì fún un ní àkọtọ́ alifábẹ́ẹ̀tì Látìn ní 1972. Nàìjíríà tí èdè rẹ̀ ju 500 lọ kò lè wọ ẹ̀wù yẹn kí ó bá a mu, bẹ́ẹ̀ ni Bẹ̀nẹ̀. Síbẹ̀, n kò gbà pẹ̀lú àwọn tí wọ́n ní kí a pa ọ̀rọ̀ náà tì. Ọ̀rọ̀ a máa dàgbà kúrò lára ohun tí a fi ṣẹ̀dá rẹ̀. Ohun tí n kò fẹ́ ni kí ènìyàn fọ́ ọ sí méjì, kí ó wá fi "èdè" inú rẹ̀ jiyàn pé ìlú tí kò bá ní èdè kan ṣoṣo kì í ṣe orílẹ̀-èdè, tàbí pé èdè tí ìjọba bá ń lò ni èdè àwọn ará ìlú.

Ẹ jẹ́ kí a wá kan Kétu. Ní ọjọ́ 10 oṣù Kẹjọ ọdún 1889, àwọn Gẹ̀ẹ́sì àti àwọn Faransé fọwọ́ sí àdéhùn ààlà, Kétu sì bọ́ sí ọwọ́ Faransé nígbà tí Ìmẹ̀kọ bọ́ sí ọwọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ìlárá tilẹ̀ pín sí méjì, apá kan wà ní Nàìjíríà, apá kejì wà ní Bẹ̀nẹ̀. Àwọn tí wọ́n bá ara wọn tan dàgbà sí abẹ́ èdè ìjọba méjì. Ìwé òfin Bẹ̀nẹ̀ ti ọjọ́ 11 oṣù Kejìlá ọdún 1990 sọ ọ́ ní abala kìíní pé Faransé ni èdè ìjọba. Ní abala 11, ó sọ pé gbogbo ẹ̀yà ni ó ní ẹ̀tọ́ láti lo èdè tirẹ̀ lẹ́nu àti lórí ìwé, àti pé ó di dandan kí ìjọba ṣe ìgbélárugẹ àwọn èdè tí oríṣiríṣi ènìyàn fi ń gbọ́ ara wọn yé. Tiwa ní Nàìjíríà fi ara jọ ọ́: abala 55 ìwé òfin 1999 ní Gẹ̀ẹ́sì ni kí ilé aṣòfin àpapọ̀ máa lò, pẹ̀lú Haúsá, Ìgbò àti Yorùbá nígbà tí ètò tí ó tó bá ti wà. A ṣì ń retí ètò náà.

Ẹ wo bí ọ̀rọ̀ yìí ti rí lójúkojú ní ọjà Kétu. Obìnrin tí ó ń ta gàrí yóò bá oníbàárà kan ná ọjà ní Yorùbá, yóò yíjú sí ẹni tí ó ti Àgbómẹ̀ wá, yóò dá a lóhùn ní Fọ̀n, yóò sì dárúkọ iye owó sẹ́ẹ̀fà fún àwọn méjèèjì láìṣì í kà. Bí agbowó-ọjà bá dé, Yorùbá náà ni wọn yóò fi bá ara wọn ṣeré, ṣùgbọ́n Faransé ni wọ́n tẹ̀ sí ara ìwé pélébé tí ó já fún un, tí obìnrin náà ká mọ́ owó ní ìṣẹ́tí ìró rẹ̀ láìkà á. Èdè ìjọba ni èdè ara ìwé pélébé yẹn. Ó ní agbára, ó ní òǹtẹ̀, ṣùgbọ́n èdè tí ọjà náà fi ń ná kọ́.

Níbí ni mo ti fẹ́ kí a ṣọ́ra fún ọ̀rọ̀ méjì tí a máa ń dà pọ̀, ìyẹn èdè abínibí àti èdè ìbílẹ̀. Ara ènìyàn ni abínibí so mọ́, ara ilẹ̀ ni ìbílẹ̀ so mọ́. Ọmọ tí wọ́n bí sí Kútọnu, tí bàbá rẹ̀ jẹ́ Bàrìbá, tí ìyá rẹ̀ jẹ́ ọmọ Kétu, tí àwọn méjèèjì sì ń fi Faransé bá ara wọn sọ̀rọ̀ nínú ilé, Faransé lè jẹ́ èdè abínibí rẹ̀ ní tòótọ́, nítorí òun ni ó kọ́kọ́ là á lóhùn. Kò sọ Faransé di èdè ìbílẹ̀ Bẹ̀nẹ̀. Àwọn ọmọ Èkó tí wọn kò gbọ́ ju Gẹ̀ẹ́sì lọ wà ní irú ipò kan náà, Yorùbá a sì di èdè àkọ́kúntẹni fún wọn lórí ilẹ̀ baba wọn. Ní ti àwọn èdè tí òfin Bẹ̀nẹ̀ ń pè ní "langues nationales" ní Faransé, tí wọ́n yà sọ́tọ̀ kúrò lára èdè ìjọba, àwọn kan ń túmọ̀ wọn sí "èdè orílẹ̀-èdè". Ìtumọ̀ náà kò dùn mọ́ mi, nítorí ó fi èdè lé èdè lórí, ó sì ń tan òǹkàwé láti rò pé ipò wọn ga ju ti Faransé lọ. "Èdè ìbílẹ̀ tí òfin mọ̀" ni èmi máa ń kọ.

Kì í ṣe pé ìjọba Bẹ̀nẹ̀ kò ṣe nǹkan kan. Rédíò ìjọba ti ń fi Fọ̀n, Yorùbá, Bàrìbá, Dẹ́ńdì àti àwọn èdè mìíràn bá àwọn ènìyàn sọ̀rọ̀ tipẹ́. Ní 1975 ni wọ́n ṣe àkọtọ́ kan ṣoṣo fún àwọn èdè ilẹ̀ náà, Yorùbá sì wà lára wọn. Ohun tí ó wá ṣẹlẹ̀ ni pé àkọtọ́ náà yàtọ̀ sí tiwa. Ibi tí a bá ti kọ "Pẹ̀lẹ́, ṣé dáadáa ni?", "Kpɛ̀lɛ́, shé dáadáa ni?" ni wọn yóò kọ. Bẹ́ẹ̀ ni ti orúkọ lórí ìwé ìjọba tún yàtọ̀ sí èyí, nítorí etí Faransé ni akọ̀wé fi gbọ́ ọ: Àjìbádé a di Adjibadé, Ògúnṣọlá a di Ogounchola, Kétu fúnra rẹ̀ a di Kétou. Ìlú Ṣábẹ̀ẹ́ ni ó jìyà rẹ̀ jù, nítorí pé máàpù ń pè é ní Savè, àwọn kan ń kọ ọ́ ní Tchabè, àwọn onímọ̀ èdè sì ń kọ ọ́ ní Cabe. Ìlú kan náà ni.

Ó ku Nàgó. Àwọn kan wà tí wọ́n ń jẹ́ Ànàgó láàrin ara wọn, ní agbègbè Ìpókíá àti Ìfọ̀nyìn, ní ìhà méjèèjì ààlà. Àwọn Fọ̀n mú orúkọ yìí, wọ́n fi pe gbogbo ẹni tí ó bá ń sọ Yorùbá, àwọn oníṣòwò ẹrú àti àwọn Faransé sì gbà á lẹ́nu wọn. Bẹ́ẹ̀ náà ni ó ṣe wọ ọkọ̀ dé Brazil, tí wọ́n fi ń pe àwọn baba wa ní Nagô ní Bahia, nígbà tí Kúbà ń pè wọ́n ní Lukumí, tí Sàró sì ń pè wọ́n ní Akú nítorí ẹ kú tí kì í kúrò lẹ́nu wọn. Mo ti gbọ́ kí àwọn kan sọ pé èébú ni Nàgó, kí ẹnikẹ́ni má jẹ́ ẹ. N kò rí i bẹ́ẹ̀, nítorí kò sí ẹni tí í fi èébú sọ ara rẹ̀ lórúkọ, àwọn Ànàgó sì ń jẹ́ ẹ láàrin ara wọn. Ẹ sì rántí pé orúkọ Yorùbá náà kò fi ìgbà kan jẹ́ ti gbogbo wa láti ìbẹ̀rẹ̀: àwọn Ọ̀yọ́ ni wọ́n kọ́kọ́ fi pè. Orúkọ apá kan tí ó bo odidi ni méjèèjì.

Bí ó ti rí nìyí tí kíka iye èdè tí ó wà ní Bẹ̀nẹ̀ fi ṣòro. Àwọn onímọ̀ èdè ka Ṣábẹ̀ẹ́, Ìdáìṣà, Ìṣà, Ìjẹ̀, Nàgó àti Ifẹ̀ ti Tógò sí èdè ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, wọ́n sì kó wọn sábẹ́ orúkọ kan, Ede, tí kì í ṣe nǹkan mìíràn ju ọ̀rọ̀ wa èdè lọ. Wọ́n ṣe irú rẹ̀ fún Fọ̀n, Ègùn àti Ewé, tí wọ́n pè ní Gbe, nítorí gbè ni èdè lẹ́nu àwọn yẹn. Ó dà bí ẹni tí ó sọ ọmọ rẹ̀ ní Ọmọ. Ẹni tí ó bá sì ka gbogbo ohùn wọ̀nyí sí ẹ̀ka-èdè Yorùbá, iye èdè Bẹ̀nẹ̀ tirẹ̀ yóò dín.

Nítorí náà, kí ọ̀dọ́mọkùnrin yìí fi Nàgó sílẹ̀ bí ó ti wà lórí ìwé ìyá rẹ̀, nítorí irọ́ kọ́ ni, kí ó sì máa bá a sọ Yorùbá wọn lọ. Bí orílẹ̀ ìyá náà ni ó bá fẹ́ mọ̀, ìwé kọ́ ni yóò sọ fún un. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, kí ó dọ̀bálẹ̀, kí ó ní kí ìyá rẹ̀ ki òun.