Ṣé ó tọ́ kí ìkùnà Pétérù máa tu olórí ìjọ tó ti ṣàṣìṣe nínú?

Ó tọ́, kò sí àbùkù níbẹ̀. Nínú Lúùkù 22:32, kí Pétérù tó sẹ́ Jésù rárá ni Jésù ti sọ fún un pé tó bá ti padà, kó fún àwọn arákùnrin rẹ̀ lókun. Iṣẹ́ ti ń dúró dè é kó tó ṣubú.

Ibi tí èmi fẹ́ràn jù ni ọ̀rọ̀ iná. Ní Jòhánù 18:18, òtútù ń mú, Pétérù ń yá iná èédú nínú àgbàlá olórí àlùfáà. Àgbàlá yẹn ló ti sẹ́ Jésù. Ní orí 21, lẹ́yìn àjíǹde, iná èédú míì tún rèé létí òkun Tìbéríà, ẹja wà lórí rẹ̀, búrẹ́dì sì wà níbẹ̀. Jésù fún wọn lóúnjẹ ná. Ìgbà tí wọ́n jẹun tán ló tó bi Pétérù lẹ́ẹ̀mẹta bóyá ó fẹ́ràn òun, bí Pétérù ṣe sẹ́ ẹ lẹ́ẹ̀mẹta. Ẹ̀ẹ̀kẹta yẹn dùn ún wọra.

Ẹ má sì rò pé ó di ẹni pípé látọjọ́ náà o! Ní Áńtíókù, ó ń bá àwọn Kèfèrí (àwọn tí kì í ṣe Júù) jẹun, àfi ìgbà tí àwọn Júù kan dé láti ọ̀dọ̀ Jákọ́bù, olórí ìjọ Jerúsálẹ́mù, tí ẹ̀rù bà á, ló bá fà sẹ́yìn kúrò lọ́dọ̀ àwọn Kèfèrí náà. Pọ́ọ̀lù bá a wí lójú gbogbo èèyàn (Gálátíà 2:11-14).

Ti Ọba Dáfídì tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ: ó gba ìyàwó Ùráyà, ó sì ní kí wọ́n pa Ùráyà. Ọlọ́run dárí jì í, síbẹ̀ ọmọ tí obìnrin náà bí fún un kú (2 Sámúẹ́lì 12). Ìdáríjì kì í pa àbájáde ẹ̀ṣẹ̀ rẹ́. Nítorí náà, bí owó ìjọ tàbí ẹ̀tọ́ ẹlòmíì bá wà nínú ọ̀rọ̀ náà, ẹ kọ́kọ́ lọ dá a padà.