Ẹ má fi fídíò àtijọ́ dí ihò o

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ béèrè bóyá ẹ lè fi fídíò àtijọ́ tẹ́ ẹ rí lórí YouTube bo ojú ibi tẹ́ ẹ ti gé ọ̀rọ̀ nínú dọkumẹ́ńtárì yín, ẹ dúró ná, ohun tó kó bá mi nìyẹn. Níbi fíìmù mi àkọ́kọ́, mo rí ìwọ́de kan tó dùn ún wò, wọ́n kọ ọdún sí i, mo gbà á gbọ́, mo gbé e lé ọ̀rọ̀ ìyá àgbà kan tó ń sọ ohun tójú ẹ̀ rí lọ́jọ́ náà. Nígbà tá a fi han ìyá, ó ní, "Ọmọ mi, ìlú wa kọ́ nìyí o." Ilẹ̀ ò lanu gbé mi mì.

Kò tíì tán o. Ẹni tó ni fídíò yẹn jáde, ó bu owó lé mi. Ìṣẹ́jú àáyá ni wọ́n fi ń ka owó yẹn, iye tẹ́ ẹ máa san tẹ́ ẹ bá fẹ́ fi hàn níbi àjọ̀dún fíìmù nìkan yàtọ̀ sí ti tẹlifíṣọ̀n, ti gbogbo ayé tún yàtọ̀, orin tó sì ń dún lẹ́yìn ìwọ́de náà, ẹlòmíì ló ni ín!

Ẹ má sì rò pé tó bá ti àkáífù gidi, ìyẹn ibi tí wọ́n ń tọ́jú fíìmù àtijọ́ sí, wá, òótọ́ ni gbogbo ẹ̀. Nínú The Battle of the Somme, fíìmù nípa Ogun Àgbáyé Kìíní tó jáde lọ́dún 1916, àwọn sójà tẹ́ ẹ rí tí wọ́n ń gun òkè jáde látinú kòtò, tí wọ́n ṣì ń lò káàkiri dòní, wọ́n dìídì ṣe é fún kámẹ́rà ni.

Ní báyìí, kí n tó gé nǹkan kan, mo ti kọ ẹni tó yà á, ìgbà tó yà á àti ẹni tó ni ín sílẹ̀. Kọ́pì tó ní timecode, ìyẹn nọ́ńbà àkókò, lójú ni mo fi ń ẹ́díìtì, ó di ìgbà tí gígé bá parí pátápátá kí n tó sanwó ìwọ̀nba tí mo lò. Bẹ́ ẹ bá rí fíìmù tí ò ní ohùn, tí wọ́n yà ní bíi 16 tàbí 18 férémù, ìyẹn àwòrán kọ̀ọ̀kan, ní ìṣẹ́jú àáyá kan, ẹ má fi 24 gbé e jáde, àwọn èèyàn á máa sáré bí eèrà tí wọ́n da omi sí. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fa àwòrán 4:3, ti àtijọ́ tí ìbú ẹ̀ ò fi bẹ́ẹ̀ ju gíga ẹ̀ lọ, gbooro kó lè kún ojú tẹlifíṣọ̀n, inú máa ń bí mi.

Ti ìyá yẹn, mo yọ ìwọ́de náà kúrò, mo fi ojú ẹ̀ nìkan sílẹ̀, ibi tí mo gé hàn kedere, kò sì sẹ́ni tó bi mí.