Ìlú Mẹ́ta Lóòjọ́ Kọ́ Lẹ Ń Rà: Ìdáhùn Lórí Ìrìn-àjò Ọgbà Wáìnì ní Chianti

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ìlú Leeds ni èmi àti ọkọ mi ń gbé. Ọkọ mi máa pé ọgọ́ta ọdún ní ìparí oṣù Kẹsàn-án, a sì fẹ́ gbé ìyá rẹ̀ dání lọ sí Florence ní Ítálì. A fẹ́ fi ọjọ́ kan wo àwọn ìlú àtijọ́ olódi àti ọgbà wáìnì ní Chianti, agbègbè òkè tó wà láàárín Florence àti Siena. Ọ̀nà méjì ló wà nílẹ̀. Èkínní, bọ́ọ̀sì ńlá: Siena, San Gimignano àti Pisa, pẹ̀lú oko wáìnì àti oúnjẹ ọ̀sán, gbogbo rẹ̀ lọ́jọ́ kan. Èkejì, ọkọ̀ elérò mẹ́jọ: oko méjì àti ìlú méjì péré, owó rẹ̀ sì fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìlọ́po méjì ti èkínní. Ọkọ mi ní ìrẹ́jẹ ni. Ẹnì kan ní ṣọ́ọ̀ṣì wa tún sọ pé òun mọ ọmọ Nàìjíríà kan níbẹ̀ tó lè fi mọ́tò ara rẹ̀ gbé wa káàkiri lówó pọ́ọ́kú. Ọkọ mi kì í mu ọtí, orúnkún sì ń dun ìyá. Èwo ni ká mú?

Ìdáhùn: Ẹ ṣeun, ìyáàfin. Ẹ bá mi kí bàbá kú oríire ọjọ́ ìbí tó ń bọ̀. Mo ti gba irú ìbéèrè yìí lọ́pọ̀ ìgbà lọ́wọ́ àwọn èèyàn wa ní Britain, ohun kan náà ló sì máa ń wà nídìí rẹ̀. Wọ́n á ka iye ìlú tó wà nínú ìwé ìpolówó, wọ́n á gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ owó, èyí tí ìlú rẹ̀ bá pọ̀ jù ni wọ́n á pè ní ọjà gidi. Ìṣirò yẹn ò tọ̀nà rárá, ó sì ń ba ìsinmi ọ̀pọ̀ èèyàn jẹ́. Wákàtí tí ẹsẹ̀ yín máa fi wà nílẹ̀ nínú ìlú ni owó yín ń rà, àti ẹni tí yóò wà pẹ̀lú yín níbẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká tú ọjọ́ bọ́ọ̀sì ńlá yẹn wò. Ní bí aago mẹ́jọ àárọ̀ ni irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ sábà máa ń kúrò ní Florence, á sì padà dé ní bí aago mẹ́jọ alẹ́. Wákàtí méjìlá nìyẹn. Láti Florence dé Siena tó kìlómítà 75, bíi wákàtí kan àti ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún bí ọ̀nà bá dá. Siena sí San Gimignano súnmọ́ wákàtí kan, torí ọ̀nà orí òkè tó ń yí kọ́lọkọ̀lọ wà níbẹ̀. San Gimignano sí Pisa, ẹ ka wákàtí kan àbọ̀. Pisa padà sí Florence, wákàtí kan àti díẹ̀, bí kò bá sí sún-kẹẹrẹ-fà-kẹẹrẹ. Wákàtí márùn-ún ti lọ lórí ìjókòó. Ẹ yọ wákàtí kan àbọ̀ fún oúnjẹ àti wáìnì ní oko. Ohun tó kù, ẹ má tíì pín in fún ìlú mẹ́ta, nítorí bọ́ọ̀sì ńlá kì í wọ inú wọn. Siena wà lára àwọn ìlú tó kọ́kọ́ lé mọ́tò kúrò ní àárín ìlú ní Yúróòpù, láti àwọn ọdún 1960. Lẹ́yìn odi lẹ óò ti sọ̀ kalẹ̀, ẹ óò rìn wọlé, ẹ óò tún rìn jáde. Bí èrò bá jẹ́ àádọ́ta, àádọ́ta ló máa sọ̀, àádọ́ta ló máa tò sí ẹnu ọ̀nà ilé ìgbọ̀nsẹ̀, ẹni méjì á ṣìnà, gbogbo yòókù á sì dúró dè wọ́n. Ìdúró yìí kì í sí nínú ìwé ìpolówó. Nígbà tí gbogbo rẹ̀ bá kúrò, ohun tó sábà máa ń ṣẹ́ kù fún San Gimignano kò ju wákàtí kan lọ.

Kí lèèyàn fẹ́ fi wákàtí kan rí níbẹ̀? Ìlú yìí wà lójú ọ̀nà tí àwọn arìnrìn-àjò mímọ́ ń gbà lọ sí Róòmù láyé àtijọ́, òwò sì sọ àwọn ìdílé kan di ọlọ́lá. Wọ́n wá ń fi ilé gogoro figa gbága: bí ìdílé kan bá kọ́ tirẹ̀, èyí tó kọjú sí i á kọ́ èyí tó ga jù ú lọ. Wọ́n ní ó tó 72 nígbà kan; 14 ló ṣẹ́ kù. Àjàkálẹ̀ àrùn ọdún 1348 pa àwọn ará ìlú lọ bẹẹrẹ, nígbà tó sì di 1353 ìlú náà bọ́ sábẹ́ Florence. Ìṣẹ́ tó dé bá a lẹ́yìn náà ló jẹ́ kí àwọn ilé yẹn wà títí dòní, torí kò sówó láti wó wọn kí wọ́n kọ́ tuntun. UNESCO fi orúkọ rẹ̀ sínú àkójọ ogún gbogbo ayé ní 1990. Ilé gogoro tó ga jù níbẹ̀, Torre Grossa, ga tó mítà 54, èèyàn sì lè gun un. Wáìnì funfun ìlú náà, Vernaccia, ni wáìnì àkọ́kọ́ tí ìjọba Ítálì fún ní òǹtẹ̀ DOC, èyí tó ń jẹ́rìí sí ibi tí wáìnì ti wá, ní 1966. Ẹni tó wá fún wákàtí kan ní ọ̀sán gangan, nígbà tí bọ́ọ̀sì ti kún ibùdókọ̀, ẹ̀yìn orí àwọn àlejò bíi tirẹ̀ ló máa rí, á tò ra áísìkiriìmù, á sì sáré padà. Atọ́nà tó ní èrò mẹ́jọ lè mú yín débẹ̀ kí aago mẹ́wàá tó lù, tàbí lẹ́yìn aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́, nígbà tí òkúta ilé wọ̀nyẹn bá ń gba oòrùn, tí àwọn ará ìlú fúnra wọn ti jáde síta. Ìyàtọ̀ yìí ló yẹ kí bàbá fi owó ọjọ́ ìbí rẹ̀ rà.

Ní ti ìrẹ́jẹ tí bàbá ń fura sí, ẹ sọ fún un pé kò sí ìrẹ́jẹ níbẹ̀. Òfin ló mú kó jẹ́ mẹ́jọ. Ní Yúróòpù, láísẹ́ǹsì mọ́tò kékeré, ìyẹn B, kò gba kí awakọ̀ gbé ju èrò mẹ́jọ lọ, òun fúnra rẹ̀ ṣe ìkẹsàn-án. Bó bá ti lé, ó di ọ̀rọ̀ láísẹ́ǹsì bọ́ọ̀sì àti àwọn òfin tó rọ̀ mọ́ ọn. Owó awakọ̀, owó epo, owó atọ́nà, èèyàn mẹ́jọ ló ń pín in níbí. Nínú bọ́ọ̀sì ńlá, àádọ́ta lè pín in. Bẹ́ẹ̀ náà ni ọ̀nà oko. Púpọ̀ nínú oko kékeré ní Chianti, ọ̀nà tí wọn ò da ọ̀dà sí ló lọ síbẹ̀, òkúta wẹ́ẹ́wẹ́ẹ́ funfun ni wọ́n tẹ́ sí i. Strade bianche ni wọ́n ń pè é. Bọ́ọ̀sì ńlá kò lè yí padà níbẹ̀. Nítorí náà, oko tí wọ́n kọ́ fún bọ́ọ̀sì ló máa ń lọ: gbọ̀ngàn gígùn, ife mẹ́ta, ọ̀rọ̀ ṣókí, ẹnu ọ̀nà ìsọ̀. Ní oko kékeré, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé ẹni tó gé àjàrà náà ló máa bu wáìnì fún yín.

Ẹ ṣọ́ra síbẹ̀. Kò sí òfin tó sọ iye èèyàn tí wọ́n gbọdọ̀ pè ní ọ̀wọ́ kékeré. Mo ti rí ìpolówó tó pe èèyàn mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n bẹ́ẹ̀, mo sì ti rí ilé iṣẹ́ tó kó ọkọ̀ elérò mẹ́jọ mẹ́ta lọ sí oko kan náà ní wákàtí kan náà. Ẹ bi wọ́n ní kíkọ sílẹ̀: èèyàn mélòó ló pọ̀ jù ní tábìlì oko? Wákàtí mélòó gan-an la máa lò nínú ìlú kọ̀ọ̀kan? Ṣé atọ́nà tó ní ìwé àṣẹ máa bá wa rìn, àbí awakọ̀ á já wa sílẹ̀ kó lọ jókòó? Iṣẹ́ atọ́nà ní òfin tirẹ̀ ní Ítálì. Awakọ̀ lè máa tàkúrọ̀sọ nínú ọkọ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó ní ìwé àṣẹ ló lẹ́tọ̀ọ́ láti máa ṣàlàyé fún yín nínú ṣọ́ọ̀ṣì àti ibi ìtàn.

Ẹ tún bi wọ́n pé Chianti wo. Ní 1716, Cosimo III de' Medici, tó ń ṣàkóso ilẹ̀ Tuscany nígbà náà, pa ààlà sí ilẹ̀ wáìnì tó wà láàárín Florence àti Siena. Ní 1932, ìjọba jẹ́ kí àwọn agbègbè tó gbòòrò jù bẹ́ẹ̀ lọ máa lo orúkọ Chianti, wọ́n wá ń pe ilẹ̀ àtijọ́ náà ní Chianti Classico. Àkùkọ dúdú ló wà lára ìgò rẹ̀, àjàrà Sangiovese kò sì gbọdọ̀ dín ní ìdá 80 nínú ọgọ́rùn-ún. Wáìnì dáadáa wà níbòmíràn pẹ̀lú, àmọ́ bí ó bá jẹ́ àwọn ìlú kéékèèké bíi Greve, Radda, Castellina àti àwọn òkè yẹn lẹ ní lọ́kàn, Chianti Classico ni kí ẹ rí nínú ìwé. Ìparí oṣù Kẹsàn-án tí ẹ mú, ìgbà ìkórè àjàrà ni. Ó dùn ún wò púpọ̀, ṣùgbọ́n ọwọ́ àwọn àgbẹ̀ máa ń dí, àwọn oko kékeré kan kì í gba àlejò nígbà náà. Ẹ tètè gba àyè.

Ní ti ọmọ Nàìjíríà tó ní mọ́tò: ẹ má ṣe é. Inú máa ń bí mi sí àwọn tó ń polówó irú èyí lórí WhatsApp, torí wọn kì í sọ ewu rẹ̀ fún ẹnikẹ́ni. Ẹni tó bá fẹ́ máa gbé èrò gba owó ní Ítálì gbọ́dọ̀ ní ìwé àṣẹ NCC fún ọkọ̀ náà, òun fúnra rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ ní ìwé awakọ̀ oníṣẹ́. Bí kò bá ní in, ọlọ́pàá lè gba ọkọ̀ náà lójú ọ̀nà, kí ẹ̀yin àti ìyá wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì. Bí jàǹbá bá ṣẹlẹ̀, Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́, ó ṣeé ṣe kí ìnṣọ́ránsì rẹ̀ kọ̀ láti sanwó, kí tiyín náà sì máa bi yín ní ìbéèrè tó le. Awakọ̀ oníṣẹ́ ní Ítálì kò gbọdọ̀ ní ọtí kankan lára, bó ti wù kó kéré tó. Ta ló máa yẹ tirẹ̀ wò? Ó tún kù, kámẹ́rà wà lẹ́nu ọ̀nà àárín àwọn ìlú wọ̀nyí. ZTL ni wọ́n ń pe àgbègbè bẹ́ẹ̀. Ọkọ̀ tí kò ní àyè láti wọlé á gba ìwé owó ìtanràn nílé, nígbà míràn lẹ́yìn oṣù mélòó kan. Jíjẹ́ tó jẹ́ ọmọ wa kò yí ìkankan nínú èyí padà.

Kò sẹ́ni tó máa fipá mú bàbá mu ọtí. Àwọn oníṣẹ́ wáìnì pàápàá máa ń tọ́ ọ wò lẹ́nu, wọ́n á sì tu ú sínú korobá kékeré tó wà lórí tábìlì. Kì í ṣe ìwà àfojúdi níbẹ̀. Ẹ sọ fún wọn kó tó di ọjọ́ náà, kí wọ́n pèsè omi èso fún un, kí wọ́n sì jẹ́ kó tọ́ òróró ólífì wò, torí oko kan náà ló sábà máa ń ṣe méjèèjì. Ẹ béèrè bóyá owó tirẹ̀ á dín; àwọn kan ń dín in, àwọn kan ò dín. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá máa mu, ọtí inú ọ̀pọ̀ wáìnì yìí tó ìdá 13 sí 14.5 nínú ọgọ́rùn-ún, ife kékeré mẹ́rin kì í ṣe nǹkan ṣeréṣeré lórí ikùn òfìfo. Bí ìyá bá ń lo oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru tàbí ti ìtọ̀ ṣúgà, ẹ kọ́kọ́ bi dókítà rẹ̀. Èmi kì í ṣe dókítà.

Ẹ ò sọ irú pásípọ́ọ̀tù tí ẹ ní. Bó bá jẹ́ ti Nàìjíríà ni ìyá ń lò, ìwé ìgbéèlú Britain kò gba ipò físà Schengen. Owó físà náà jẹ́ 90 yúrò láti oṣù Kẹfà 2024, ìnṣọ́ránsì ìrìn-àjò rẹ̀ kò sì gbọdọ̀ dín ní 30,000 yúrò. Ẹ tún wò ó lójú òpó ìjọba Ítálì kí ẹ tó sanwó, torí òfin ń yí padà. Àjẹ́ǹtì tó bá sọ pé ìwé ìrìn-àjò ọgbà wáìnì máa mú físà jáde dandan, irọ́ ló ń pa. Ẹ má sanwó tí wọn ò lè dá padà títí físà á fi jáde. Ẹ tún mọ̀ pé ìrìn-àjò ọjọ́ kan tí kò ní oorun nínú kò sí lábẹ́ òfin ọdún 2018 tó ń dáàbò bo ẹni tó ra àpapọ̀ ìrìn-àjò ní Britain. Kírẹ́dítì káàdì ni kí ẹ fi san án, kí ẹ sì ka ohun tí wọ́n kọ nípa ìfagilé.

Nítorí náà, èkejì ni kí ẹ mú, bí àwọn ìdáhùn wọn bá tẹ́ yín lọ́rùn. Nítorí orúnkún ìyá, ẹ bẹ̀ wọ́n kí Greve tàbí Castellina jẹ́ ọ̀kan nínú ìlú méjèèjì, torí ilẹ̀ ibẹ̀ tẹ́jú ju ti San Gimignano tó jẹ́ gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ òkè. Gbàgede Greve ní òrùlé ní ẹ̀gbẹ́ yíká, àga ilé oúnjẹ sì wà lábẹ́ rẹ̀; ìyá lè jókòó síbẹ̀ bí ẹ̀yin bá ń rìn. Kí ìyá wọ bàtà pẹlẹbẹ tó di ẹsẹ̀ mú, torí òkúta ni wọ́n fi tẹ́ títì àwọn ìlú wọ̀nyí, ó sì máa ń yọ̀ bí òjò bá rọ̀. Kí ẹ gba ìjókòó iwájú fún un nígbà tí ẹ bá ń sanwó, ẹ má dúró di àárọ̀ ọjọ́ náà.