Ìbéèrè Yín: Idán Tó Ń Gba Òǹtẹ̀

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olóòtú. Ìtàn àròsọ ni mò ń kọ lọ́wọ́. Oṣó inú rẹ̀ kò lè pa idán kankan àfi tó bá kọ ìwé ní ẹ̀dà mẹ́ta, kí òǹtẹ̀ sì wà lára rẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi ní irọ́ yìí ti pọ̀ jù, pé kò síbi tí wọ́n ti ń kọ lẹ́tà ọ́fíìsì sí iwin. Ẹ bá wa dá sí i. (Òǹkàwé, Ìbàdàn)

Ọ̀rẹ́ yín ṣì í. Ní Ṣáínà, ẹ̀dà mẹ́ta náà gan-an ni wọ́n ń kọ ní nǹkan bí 1,800 ọdún sẹ́yìn. Ẹ̀sìn Àwọn Ọ̀gá Ọ̀run, ẹ̀ka kan nínú Tao, ẹ̀sìn ìbílẹ̀ Ṣáínà, tí Zhang Daoling dá sílẹ̀ ní Sichuan, ló ni ètò náà. Bí ara ẹnìkan kò bá yá, àlùfáà á kọ orúkọ rẹ̀ sílẹ̀, á wá kọ ẹ̀ṣẹ̀ tó jẹ́wọ́ tẹ̀ lé e. Wọ́n á gbé ẹ̀dà kan lọ sórí òkè fún Ìjòyè Ọ̀run. Wọ́n á bo ìkejì mọ́lẹ̀ fún Ìjòyè Ilẹ̀. Wọ́n á ri ìkẹta sómi fún Ìjòyè Omi. Òṣùwọ̀n ìrẹsì márùn-ún ni ilé aláìsàn ń san, nǹkan bíi lítà mẹ́wàá lóde òní, ìyẹn ni aráàlú fi ń pe ẹ̀sìn náà ní Ọ̀nà Òṣùwọ̀n Ìrẹsì Márùn-ún.

Nítorí náà, ẹ̀dà mẹ́ta kì í ṣe àṣejù rárá. Iwájú ìjòyè mẹ́ta ni ẹjọ́ náà wà. Tí oṣó yín bá fi méjì ránṣẹ́, tó gbàgbé ti odò, ẹ jẹ́ kí àìsàn náà lọ, kó tún padà wá, torí ẹnìkan ṣì wà tí kò tíì gbọ́.

Bébà ṣáà ni bébà. Kí ló wà lára tírà àwọn ará Ṣáínà tí iwin fi ń bẹ̀rù rẹ̀? (Òǹkàwé, Abẹ́òkúta)

Ọ̀gá tó wà lẹ́yìn bébà náà ni iwin ń bẹ̀rù. Fú ni wọ́n ń pe tírà ní Ṣáínà, ṣùgbọ́n kí ó tó di tírà, àmì àṣẹ ìjọba ni. Wọ́n á là á sí méjì: ọba á mú ọ̀kan, aṣojú rẹ̀ lókèèrè á mú ìkejì. Ìlàjì kan wà ní ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé Shaanxi ní Xi'an, ẹkùn idẹ láti ìjọba Qin ní Ṣáínà àtijọ́, tí kò gùn tó sẹ̀ǹtímítà mẹ́wàá. Wọ́n fín in sára rẹ̀ pé apá ọ̀tún wà lọ́wọ́ ọba, apá òsì wà ní ìlú Du. Ẹni tó bá fẹ́ kó ọmọ ogun 50 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ jáde, àfi kó fi apá méjèèjì kanra kí wọ́n bára mu. Tó bá jẹ́ pé iná ìkìlọ̀ ogun ló ti ń jó, wọ́n lè jáde láì dúró de ti ọba.

Tírà jogún gbogbo èyí. Bébà aláwọ̀ ìyeyè ni, yíǹkì rẹ̀ pupa, òkúta ni wọ́n lọ̀ ṣe é. Gbólóhùn tó sábà máa ń parí rẹ̀ ni *jí jí rú lǜ lìng*: kíá, kíá, gẹ́gẹ́ bí òfin ti wí. Ọ̀dọ̀ àwọn akọ̀wé ìjọba Han, ìjọba Ṣáínà àtijọ́ mìíràn, ló ti wá. Irú rẹ̀ ni wọ́n fi ń parí lẹ́tà àṣẹ.

Ọlọ́fọ̀ tiwa ní láti mọ orúkọ ìpìlẹ̀ ohun tó ń pè, ẹnu ló sì fi ń pàṣẹ. Àlùfáà Tao ní láti mọ ipò ara rẹ̀. Nígbà tí wọ́n bá fi í joyè, wọ́n á fún un ní ìwé tí wọ́n ń pè ní lù, tó to orúkọ àwọn iwin tó lè rán níṣẹ́. Èyí tí kò bá sí níbẹ̀, kò lè rán an. Ẹ̀yin tó ń kọ ìtàn lókè yẹn, ibí yìí ló dùn jù: oṣó tó mọ idán dénú, àmọ́ tí ipò rẹ̀ kò tó ìwé tó fọwọ́ sí.

Ṣé òkú pàápàá nílò ìwé? (Òǹkàwé, Ìkẹjà)

Ó nílò rẹ̀. Ní 1973, wọ́n hú ibojì kẹta ní Mawangdui, ní ìlú Changsha ní Ṣáínà. Wọ́n bá pákó pẹlẹbẹ kan níbẹ̀ tí akọ̀wé ilé olóògbé, Fen, kọ ránṣẹ́ sí ìjòyè tó ń tọ́jú ẹrù òkú lábẹ́ ilẹ̀. Ó kọ ọdún, oṣù àti ọjọ́ (ọdún 168 ṣáájú ìbí Jésù ni). Ó ní àkójọ ẹrù rèé, kí ẹni tó bá gbà á fi ṣọwọ́ sí ọ̀gá. Nǹkan bí 400 ni pẹlẹbẹ ọparun tí wọ́n to ẹrù náà sí. Fen kò bẹ̀bẹ̀, kò gbàdúrà. Akọ̀wé ń kọ̀wé sí akọ̀wé ni.

Ìwé ẹ̀bẹ̀ táwọn àlùfáà Tao ń kọ títí dòní kò yàtọ̀ sí èyí: orúkọ, ọjọ́, ohun tí a ń tọrọ, àdírẹ́sì títí dé abúlé, kí ìjòyè má baà ya ilé onílé. Àlùfáà á kà á sókè, á lu òǹtẹ̀ sí i, á wá dáná sun ún, torí èéfín ló ń gbé e dé ọ̀run. Ẹ má jẹ́ kí oṣó yín kà á tán kó ká a sápò.