Mo gba HND nílé: kí ni community college lè ṣe fún mi ní Houston?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ó ti lé ní ọdún kan tí mo dé Houston. Ọkọ mi ló ṣe ìwé mi, gíríìnì káàdì mi sì ti jáde. Alief là ń gbé. HND Accountancy ni mo gbà nílé, ṣùgbọ́n ẹrù ni mò ń tò lóru ní warehouse báyìí. Àwọn kan ní kí n lọ kọ́ CNA, iṣẹ́ olùrànlọ́wọ́ nọ́ọ̀sì, ní community college, kí n ti ibẹ̀ bọ́ sí nọ́ọ̀sì. Àwọn mìíràn ní ẹni tó ti kàwé jáde nílé kò lè rí owó ìrànwọ́ gbà. Èwo ni ká gbọ́? Ìyàwó àbúrò ọkọ mi náà wà lọ́dọ̀ wa, ọmọ Kétu ní ilẹ̀ Benin ni. Ó gbọ́ Yorùbá àti Faransé, ṣùgbọ́n Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò tíì já gaara. Ṣé ohun kan wà fún òun náà? (Ìyá Ìbejì)

Ìdáhùn: Ìyá Ìbejì, ẹ kú iṣẹ́ òru, ẹ kú ìtọ́jú àwọn ọmọ. Community college á wúlò fún yín, á sì wúlò fún ìyàwó yín ọmọ Kétu. Àmọ́ ẹ má tíì mú iṣẹ́ kankan. Ẹ kọ́kọ́ mọ ẹni tí yóò sanwó, torí òun ló máa pinnu irú ẹ̀kọ́ tí apá yín ká.

Ilé ìwé ìjọba ni community college. Èyí tó wà ní Joliet, ní ìpínlẹ̀ Illinois, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1901, ló pẹ́ jù nínú àwọn tó ṣì wà. Lónìí wọ́n lé ní 1,000 káàkiri Amẹ́ríkà. Wọn kì í ṣa èèyàn kí wọ́n tó gbà á wọlé. Lábẹ́ òrùlé kan náà, ẹnì kan ń ka ọdún méjì àkọ́kọ́ nínú dìgírì tí yóò parí ní yunifásítì, ẹlòmíràn ń kọ́ iṣẹ́ wẹ́dà, ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ń kọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Iṣẹ́ tó wà ládùúgbò ló sì ń darí ohun tí wọ́n ń kọ́ni. Òfin ìjọba àpapọ̀ tí wọ́n ń pè ní Perkins fi dandan lé e pé kí ilé ìwé tó ń gba owó ẹ̀kọ́ṣẹ́ máa yẹ̀ ẹ́ wò, ó kéré tán lẹ́ẹ̀kan lọ́dún méjì, bóyá iṣẹ́ tó ń kọ́ni bá èyí tí àwọn agbanisíṣẹ́ ibẹ̀ ń wá mu. Texas tún mú un le sí i ní 2023 pẹ̀lú òfin House Bill 8: owó tí ìpínlẹ̀ ń fún ilé ìwé ti wá dá lórí iye akẹ́kọ̀ọ́ tó parí, tó sì gba ìwé ẹ̀rí tó ń mówó wọlé. Nítorí náà, tí ẹ bá bi wọ́n pé, "Nínú àwọn tó ṣe ẹ̀kọ́ yìí lọ́dún tó kọjá, mélòó ló parí, mélòó ló ríṣẹ́, eélòó sì ni wọ́n ń gbà?", ẹ kò fi wọ́n wọ́lẹ̀. Ẹni tí kò bá fẹ́ dáhùn, ẹ wo ẹ̀kọ́ mìíràn.

Ìdí nìyẹn tí ohun tí ẹlòmíràn kọ́ ní Chicago, fún àpẹẹrẹ, kò fi di dandan fún yín. Níbẹ̀, láti 2011 ni City Colleges ti pín iṣẹ́ fún àwọn ilé ìwé rẹ̀: Malcolm X mú ìlera, Olive-Harvey mú ọkọ̀ àti ìkẹ́rù, Daley mú iṣẹ́ ilé-iṣẹ́ ẹ̀rọ. Lọ́dọ̀ yín, Houston Community College ní ẹ̀ka Coleman nínú Texas Medical Center gan-an fún iṣẹ́ ìlera. San Jacinto College, ní ìhà Pasadena, ń kọ́ àwọn tó ń darí ẹ̀rọ ní ilé ìfọpo àti ilé-iṣẹ́ kẹ́míkà, torí pé àwọn ilé-iṣẹ́ náà tò lọ bẹẹrẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ Ship Channel.

Ẹ jẹ́ ká wá sórí owó. Ẹ̀kọ́ pín sí méjì níbẹ̀: èyí tó ní kírẹ́díìtì, tó lè di dìgírì, àti èyí tí kò ní, tí wọ́n ń pè ní continuing education. Èyí kejì kì í pẹ́, iṣẹ́ kan ṣoṣo ló sì máa ń dá lé. Ibẹ̀ ni CNA sábà máa ń wà, ibẹ̀ náà ni èèyàn wa ti máa ń kọsẹ̀: wọ́n á forúkọ sílẹ̀, wọ́n á wá máa retí Pell. Pell Grant, owó ìjọba àpapọ̀ tí a kì í san padà, tí òkè rẹ̀ jẹ́ dọ́là 7,395 fún ọdún ẹ̀kọ́ 2025–26, kì í sábà san irú ẹ̀kọ́ bẹ́ẹ̀. Òfin tuntun ti July 2025 ṣí àyè fún ẹ̀kọ́ kúkúrú láti July 1, 2026, àmọ́ ẹ̀kọ́ náà gbọ́dọ̀ gba ọ̀sẹ̀ 8 ó kéré tán, kó sì tó wákàtí 150. Wákàtí 100 ni Texas bù fún CNA. Kò tó o.

Ẹ̀wẹ̀, gíríìnì káàdì yín tó láti gba Pell, ṣùgbọ́n òfin ní ẹni tó bá ti ní bachelor's kò lè gba Pell tó wà tẹ́lẹ̀ mọ́, ì báà jẹ́ òkè òkun ló ti gbà á. Òótọ́ wà nínú ohun tí wọ́n sọ fún yín nígbà náà, àmọ́ HND kì í ṣe bachelor's lórúkọ, ojú tí wọ́n sì fi ń wò ó kò dọ́gba níbi gbogbo. Ọ́fíìsì financial aid ti ilé ìwé yín ni yóò pinnu. Ẹ kọ ọ́ bó ṣe wà sínú FAFSA, fọ́ọ̀mù tí wọ́n fi ń béèrè owó ìrànwọ́, ẹ kó ìwé OND àti HND lọ bá wọn, ẹ ní kí wọ́n fi ìdáhùn wọn sínú ímeèlì. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbà yín níyànjú pé kí ẹ fi HND pamọ́. Owó ìtanràn irọ́ lórí FAFSA lè tó dọ́là 20,000, ó sì lè di ẹ̀wọ̀n.

Tí wọ́n bá ní Pell kò sí, ọ̀rọ̀ kò tíì parí. Àkọ́kọ́, ẹ rí i pé iye ọmọ ìpínlẹ̀ ni wọ́n bù fún yín. Texas ń béèrè oṣù 12 tí èèyàn ti fi ibẹ̀ ṣe ilé kí sáà tó wọlé, ẹ sì ti pé. Ẹ kó ìwé ilé tí ẹ yá, ìwé láti ibi iṣẹ́ àti láísẹ́ǹsì ìwakọ̀ sílẹ̀ kí ẹ tó forúkọ sílẹ̀. Ẹni tó bá fi ìwé wọ̀nyí falẹ̀, kọ̀ǹpútà á kà á sí àlejò, owó rẹ̀ á sì di ìlọ́po. Ìkejì ni TPEG, owó tí òfin Texas ní kí ilé ìwé ìjọba yà sọ́tọ̀ nínú owó tí akẹ́kọ̀ọ́ ń san. Ẹ béèrè bóyá wọ́n ní ti continuing education.

Ìkẹta, èyí tí mo fẹ́ kí ẹ lé jù, ni owó WIOA, ti ìjọba àpapọ̀ fún ẹ̀kọ́ iṣẹ́, ní ọ́fíìsì Workforce Solutions, ibi tí wọ́n ti ń ran àwọn tó ń wáṣẹ́ lọ́wọ́. Ètò yìí lè san owó ẹ̀kọ́ iṣẹ́ tó wà nínú àkọsílẹ̀ ìpínlẹ̀, dìgírì tí ẹ gbà nílé kò sì dí i lọ́nà. Ẹ mú gíríìnì káàdì, káàdì Social Security àti ẹ̀rí iye tó ń wọlé sílé yín dání. Ẹ má san kọ́bọ̀, ẹ má sì bẹ̀rẹ̀ kíláàsì kí wọ́n tó fọwọ́ sí i, torí wọn kì í dá owó tí ẹ ti san padà. Bí àbúrò ọkọ yín bá fẹ́ gbà nínú rẹ̀, tó sì jẹ́ pé kò tíì pé ọdún 26 nígbà tó dé Amẹ́ríkà, wọ́n á béèrè ẹ̀rí Selective Service, ìforúkọsílẹ̀ àwọn ọkùnrin fún iṣẹ́ ológun, lọ́wọ́ rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọkùnrin ni èyí ti dá padà lẹ́nu ọ̀nà.

Ní ti CNA gan-an: nínú wákàtí 100 yẹn, 60 jẹ́ ti kíláàsì, 40 jẹ́ ti ilé ìtọ́jú àgbàlagbà. Ìdánwò rẹ̀ ní ti ìwé, ó ní ti ọwọ́, ti ọwọ́ sì ni kí ẹ múra sí jù. Ẹ kan ilẹ̀kùn kí ẹ tó wọlé. Ẹ dárúkọ ara yín, ẹ fọ ọwọ́, ẹ fa kọ́tìnì, ẹ sọ ohun tí ẹ fẹ́ ṣe kí ẹ tó fọwọ́ kan aláìsàn. Tí ẹ bá fẹ́ gbé e láti orí bẹ́ẹ̀dì sórí kẹ̀kẹ́, ẹ ti bíréèkì kẹ̀kẹ́ ní ẹ̀gbẹ́ méjèèjì, ẹ wọ̀ ọ́ ní bàtà tí kì í yọ̀, kí ẹsẹ̀ rẹ̀ délẹ̀ dáadáa kó tó dìde. Kí ẹ tó jáde, bọ́tìnnì ìpè gbọ́dọ̀ wà níbi tọ́wọ́ rẹ̀ á tó. Ẹni tó ti tọ́jú ìyá àgbà nílé lè fo ìgbésẹ̀ kan torí pé ó ti mọ́ ọn lára, àmọ́ olùdánwò kò lè fún un ní máàkì ohun tí kò rí.

Ohun kan tún wà tí ọ̀pọ̀ kò mọ̀. Lábẹ́ òfin ìjọba àpapọ̀, ilé ìtọ́jú àgbàlagbà tó ń gba owó Medicare tàbí Medicaid kò gbọ́dọ̀ gbowó ẹ̀kọ́ yìí lọ́wọ́ ẹni tó ti gbà síṣẹ́ nígbà tí ẹ̀kọ́ bẹ̀rẹ̀. Bí ẹ bá sì fi owó ara yín kọ́ ọ, tí irú ilé bẹ́ẹ̀ gbà yín láàárín oṣù 12 tí ẹ parí, ó yẹ kí wọ́n máa dá owó náà padà fún yín díẹ̀díẹ̀. Ẹ tọ́jú rìsíìtì. Lẹ́yìn náà, tí oṣù 24 bá kọjá tí ẹ kò ṣiṣẹ́ náà gbowó, orúkọ yín á kúrò nínú ìwé ìforúkọsílẹ̀.

CNA kì í dín ọjọ́ nọ́ọ̀sì kù. Ó ń jẹ́ kí ẹ mọ̀ bóyá ẹ lè ṣe é ni. Dìgírì ọdún méjì láti community college tó láti jókòó fún NCLEX-RN, ìdánwò láísẹ́ǹsì nọ́ọ̀sì kan náà tí àwọn ti yunifásítì ń ṣe, àmọ́ ẹ má kà á sí ọdún méjì lóòótọ́. Anatomy and Physiology, apá kìíní àti ìkejì, máa ń ṣáájú, máàkì yín níbẹ̀ ló sì ń sọ bóyá ẹ máa ríbi jókòó, torí pé àyè ìdánilẹ́kọ̀ọ́ ní ilé ìwòsàn kò pọ̀. Ẹni tó ń ṣiṣẹ́ òru, tó ní ìbejì nílé, ẹ̀kọ́ kan tàbí méjì ni kó mú ní sáà kan.

Ìmọ̀ràn tèmi ni pé kí ẹ má tètè sọ Accountancy nù. Ẹ ní kí wọ́n díwọ̀n ìwé ẹ̀rí yín ní ilé-iṣẹ́ tó wà lábẹ́ NACES, ẹgbẹ́ àwọn tó ń díwọ̀n ìwé ẹ̀rí òkè òkun, bíi WES tàbí ECE, kí ẹ sì yan èyí tó ń to ẹ̀kọ́ kọ̀ọ̀kan, course-by-course. Ilé ìwé yín nílé ni kó fi transcript ránṣẹ́ sí wọn fúnra rẹ̀. Bí orúkọ bàbá yín ló wà lórí HND, tí ti ọkọ yín sì wà lórí gíríìnì káàdì, ẹ fi ìwé ìgbéyàwó tì í, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ fáìlì náà á dúró sójú kan. Lẹ́yìn èyí, certificate onípele kìíní nínú accounting, tí kò ju kírẹ́díìtì 42 lọ, kò béèrè ìdánwò TSI, tí Texas fi ń wò bóyá èèyàn ti yẹ fún ẹ̀kọ́ college, lọ́wọ́ yín. Ó tó láti wáṣẹ́ lẹ́nu payroll tàbí bookkeeping. Bí àyẹ̀wò bá sì ka HND yín sí bachelor's, Pell tó wà tẹ́lẹ̀ lọ nìyẹn, àmọ́ ọ̀nà CPA, oníṣirò owó tó ní láísẹ́ǹsì, lè ṣí. Ìgbìmọ̀ Texas fún àwọn oníṣirò owó gbà kí ẹni tó ní bachelor's ṣe àfikún ẹ̀kọ́ accounting ní àwọn community college kan. Austin Community College wà lára wọn. Ẹ bi ìgbìmọ̀ náà kí ẹ tó forúkọ sílẹ̀, kò ní ná yín tó owó sáà kan.

Ìyàwó yín ọmọ Kétu ńkọ́? Kíláàsì Gẹ̀ẹ́sì ọ̀fẹ́ fún àgbàlagbà wà, Workforce Solutions á júwe èyí tó sún mọ́ yín. Wọ́n á dán an wò kó tó wọlé, wọ́n á tún dán an wò lẹ́yìn wákàtí mélòó kan. Kó má pa ìdánwò kejì yẹn jẹ, òun ni wọ́n fi ń gbé e lọ sí kíláàsì tó kàn. Kó béèrè ibi tí wọ́n ti ń kọ́ èdè àti iṣẹ́ pa pọ̀. Ìpínlẹ̀ Washington ló sọ irú rẹ̀ di gbajúmọ̀ ní nǹkan bí ogún ọdún sẹ́yìn, lórúkọ I-BEST: olùkọ́ Gẹ̀ẹ́sì àti olùkọ́ iṣẹ́ máa ń wà nínú kíláàsì kan náà, kí akẹ́kọ̀ọ́ má baà fi ọdún púpọ̀ kọ́ èdè kó tó fọwọ́ kan iṣẹ́. Bí wọ́n bá fi kíláàsì Gẹ̀ẹ́sì oníkírẹ́díìtì lọ̀ ọ́ pé Pell á san án, kó kọ́kọ́ lo ti ọ̀fẹ́ tán, nítorí pé sáà 12 ni Pell fún ẹnì kọ̀ọ̀kan láyé rẹ̀, Gẹ̀ẹ́sì yẹn á sì jẹ nínú rẹ̀. Bó bá ní BAC, ìwé ẹ̀rí girama ti àwọn elédè Faransé, kó wá ẹni tí ilé ìwé fọwọ́ sí láti túmọ̀ rẹ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì, kó sì mú ojúlówó ìwé náà dání lọ́jọ́ tó bá ń lọ.