Ṣé òótọ́ ni pé aṣòfin ò lè pẹ́ nílé ìgbìmọ̀ aṣòfin ní California?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ̀gbọ́n mi tó wà ní California ní aṣòfin ìpínlẹ̀ tiwọn ò lè jókòó síbẹ̀ títí ayé. Ṣé òótọ́ ni, ṣé ó sì ti ṣe wọ́n láǹfààní?

Ìdáhùn: Òótọ́ ni jàre. Ọdún 1990 ni àwọn aráàlú dìbò fún òfin náà, ọdún 6 péré ní Assembly (ilé aṣòfin kékeré), 8 ní Senate (ilé àgbà), kóníkálukú máa lọ. Willie Brown gangan ni ọ̀pọ̀ èèyàn ń fojú sùn nígbà yẹn, torí ó ti ń ṣe Sípíkà Assembly láti 1980. Ó kúrò lóòótọ́, àmọ́ ṣé ilé ló lọ ni? Méyọ̀ San Francisco ló lọ dà ní 1996!

Ojú tuntun wọlé o, ìyẹn dáa. Wàhálà ibẹ̀ ni pé kẹ́ni tuntun tó mọ bí wọ́n ṣe ń ka bọ́jẹ́ẹ̀tì, àsìkò ẹ̀ ti ń tán, ó ti ń wá ipò míì kiri, àwọn lọ́bíìsì (àwọn tí wọ́n ń sanwó fún kí wọ́n máa rọ aṣòfin) tí ò sófin tó lè lé wọn ló wá mọ gbogbo kọ̀rọ̀ ilé náà, àwọn náà lá sì máa kọ́ aṣòfin níṣẹ́. Lójú tèmi, ìyẹn burú ju aṣòfin tó ti pẹ́ lọ.

Ní 2012 wọ́n tún un ṣe, ọdún 12 lápapọ̀, èèyàn sì lè lo gbogbo ẹ̀ nílé kan ṣoṣo. Ìpínlẹ̀ Michigan náà ṣe irú ẹ̀ ní 2022. Ní Nàìjíríà tiwa, gómìnà ò lè ju sáà méjì lọ, àmọ́ àwọn aṣòfin ìpínlẹ̀ lè máa díje títí tó fi máa sú wọn.