Àìná Kì Í Ṣe Àìní

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́, ẹ̀yin olùkọ́ wa. Ìyàwó mi bí obìnrin, ọmọ náà gbé ìwọ́ kọ́rùn wáyé. Ìyá mi ní Àìná lorúkọ rẹ̀. Ẹnì kan tó ń túmọ̀ orúkọ lórí WhatsApp ní àìní ni Àìná, pé Òjó tí bàbá mi ń jẹ́, ojo ni. Ó ní kí n sanwó kí òun fún wa ní orúkọ mìíràn. Ọjọ́ Àìkú ni ìkómọ. (Òkè-Fíà, Òṣogbo)

Ìdáhùn: Àbúrò mi, ẹ kú ewu ọmọ. Má san kọ́bọ̀ fún un.

Irú ìbéèrè yìí ti pọ̀ jù lọ́wọ́ mi, inú sì ń bí mi sí àwọn tó ń fi í jẹun. Wọ́n ti jẹ́ kí ẹ gbà pé kò sí ọ̀rọ̀ Yorùbá tí a kò lè já sí wẹ́wẹ́ kí ìtumọ̀ rẹ̀ jáde. Irọ́ ni. Òótọ́ ni pé òmíràn ṣe é já: Táíwò, Tọ́-ayé-wò ni. Arugbá tí a ń tẹ̀lé lọ sódò Ọ̀ṣun lọ́dọọdún, a rí igbá lórí rẹ̀, a mọ̀ pé ó ru igbá ni. Ìgè wá ńkọ́? Já a kí n rí i. Ẹsẹ̀ ló kọ́kọ́ yọ nígbà tí wọ́n ń bí i, ìyẹn ló fi ń jẹ́ Ìgè. Bí wọ́n ṣe bí ọmọ ni ìtumọ̀ wà, kò sí nínú lẹ́tà. Bẹ́ẹ̀ ni Dàda tí irun rẹ̀ ta kókó. Bẹ́ẹ̀ náà ni Sàlàkọ́ àti Tàlàbí tí ọ̀pọ̀ ọmọ òde òní kò gbọ́ rí. Àmútọ̀runwá ni gbogbo wọn.

Obìnrin tó bá gbé ìwọ́ kọ́rùn wáyé là ń pè ní Àìná. Bó bá jẹ́ ọkùnrin, Òjó. Ṣé o ti wá rí i? Ọ̀nà kan náà ni bàbá rẹ àti ọmọ rẹ gbà wáyé.

Fi ohùn kọ ọ́ bí wọ́n ṣe kọ́ wa níléèwé. Àìná: dò, dò, mí. Òjó: dò, mí. Ojo, ẹni tí ẹ̀rù tètè ń bà: re, re. Òjò tó ń rọ̀: dò, dò. Tí wọ́n bá kọ ọ́ sórí fóònù láìfi àmì sí i, gbogbo rẹ̀ á di ọ̀kan, ibẹ̀ ni ọkùnrin yẹn ti ríbi wọlé. Ní ti àìní, ohùn rẹ̀ bá ti Àìná mu, n kò ní purọ́. Ṣùgbọ́n “ní” kì í ṣe “ná”. Bó bá tilẹ̀ fẹ́ fagídí já a, owó tí a kò ná ni ì bá rí, kì í ṣe òṣì.

Èdè ni mo ń kọ́ ènìyàn, n kì í ṣe babaláwo. Bí ìdílé yín bá ní èèwọ̀ lórí orúkọ, àwọn àgbà ilé yín ni kí o bi. N kì í sì í ṣe dókítà: bí ọmọ kò bá mu ọyàn dáadáa, tàbí mímí rẹ̀ kò já gaara, ẹ gbé e lọ sọ́sibítù lónìí, ẹ má dúró de ìkómọ.

Bó o bá fẹ́ orúkọ mìíràn, fi kún un, orúkọ kì í pọ̀ jù fún ọmọ. Ṣùgbọ́n tí ẹ bá ń gba ìwé ìbí rẹ̀, ní kí wọ́n kọ ọ́ tàmì tàmì: Àìná.